Kámẹ́rámáànù Tí Kò Bá Kámẹ́rà Rẹ̀ Lọ: Àkọsílẹ̀ Iṣẹ́ Ọmọ Kánádà Kan

Ní oṣù kẹrin ọdún 1984, ọkọ̀ sánmà Challenger gbéra ní Florida pẹ̀lú èèyàn márùn-ún. Kámẹ́rà fíìmù ńlá kan tí wọ́n ń pè ní IMAX wà nínú ẹrù wọn, irú èyí tí férémù rẹ̀ kan ṣoṣo (ìyẹn àwòrán ẹyọ kan lórí fíìmù) tó bí ìlọ́po mẹ́wàá férémù fíìmù tí àwọn ilé sinimá ń lò nígbà náà. Kò sí ẹnì kankan nínú àwọn márààrún tó kọ́ṣẹ́ kámẹ́rà. Awakọ̀ òfurufú làwọn kan, ẹnjiníà àti onímọ̀ sáyẹ́ǹsì làwọn yòókù. Ẹni tó ni iṣẹ́ náà, tó ti lé ní ọgbọ̀n ọdún nídìí fíìmù, orí ilẹ̀ ló wà. Kò rí ohun tí wọ́n ń yà. Kò lè pè wọ́n pé kí wọ́n sún mọ́ ọn díẹ̀ tàbí kí wọ́n tún un yà. Nígbà tí fíìmù náà fi máa jáde lọ́dún kejì, àwòrán inú rẹ̀ dán mọ́rán débi pé àwọn ilé ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé káàkiri ayé ń tò lórí ìlà láti fi í hàn.

Ọ̀rọ̀ ọkùnrin yìí ni mo fẹ́ gbé yẹ̀ wò. N kò ní dárúkọ rẹ̀, torí pé bó ṣe ṣiṣẹ́ rẹ̀ ló kàn wá. Ọmọ Kánádà ni, kámẹ́rámáànù ni, olùgbéréjáde ni pẹ̀lú. Àwa tí a ń fi kámẹ́rà jẹun sábà máa ń wo olùgbéréjáde bí ẹni tó ti kúrò nídìí iṣẹ́, tó lọ jókòó ti owó. Mo ti tọ ipa iṣẹ́ ọkùnrin yìí láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ohun tí mo sì rí ni pé gbogbo ìgbà tó bá bọ́ sípò olùgbéréjáde, ṣọ́ọ̀tì kan, ìyẹn ìran tí kámẹ́rà ń yà lẹ́ẹ̀kan, ló wà níwájú rẹ̀ tí kò ṣeé yà. Ohun tó ń dí ṣọ́ọ̀tì náà lọ́wọ́ ló ń wá lọ.

Toronto ni wọ́n ti bí i ní 1929, ìlú kékeré kan tí wọ́n ń pè ní Galt, ní agbègbè Ontario, ló sì dàgbà sí. Ìmọ̀ òṣèlú àti ètò ọrọ̀ ajé ló kà ní Yunifásítì Toronto. Ní 1950, nígbà tó ṣì jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́, ó gba iṣẹ́ àkókò ìsinmi ní National Film Board, ilé iṣẹ́ fíìmù tí ìjọba Kánádà dá sílẹ̀, láti ibẹ̀ ni iṣẹ́ náà ti wọ̀ ọ́ lára. Ó bá ọ̀gá ayafíìmù kan láti Sweden ṣiṣẹ́ ní Íńdíà, lẹ́yìn náà ó lọ fìdí kalẹ̀ sí New York, ó ń gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ẹni tó bá bẹ̀ ẹ́. Ẹ mọ irú ayé bẹ́ẹ̀. Iṣẹ́ dé, o di ẹrù. Iṣẹ́ tán, o padà wálé, o ń retí ìpè.

Ìpàtẹ àgbáyé Expo 67, tí wọ́n ṣe ní Montreal láti oṣù kẹrin sí oṣù kẹwàá 1967, ló yí ọ̀rọ̀ rẹ̀ padà. Wọ́n gbé fíìmù kan fún un nípa àwọn èèyàn tó ń gbé ní ìhà ibi tí yìnyín ti bo ilẹ̀. Ó gbé kámẹ́rà dé Alaska, ó dé àríwá Kánádà, ó dé Greenland àti Lapland, ó dé Siberia. Ojú sinimá 11 ni wọ́n fi ṣe àfihàn iṣẹ́ náà. Àwọn òǹwòran á jókòó sórí pèpéle kan tó ń yí díẹ̀díẹ̀, bí pèpéle bá ṣe ń yí ni ojú sinimá kan á máa kọjá tí òmíràn á máa yọ. Àna rẹ̀ kan, tó jẹ́ ọ̀gá ní National Film Board, náà ní iṣẹ́ tirẹ̀ níbi ìpàtẹ yẹn: ojú sinimá márùn-ún tí wọ́n tò bí àgbélébùú. Àwọn èèyàn tó wá sí Expo 67 lé ní 50 mílíọ̀nù, ìlà àwọn tó fẹ́ wo àfihàn méjèèjì sì gùn.

Ẹlòmíì ì bá gba oríyìn, kó máa lọ. Àwọn méjèèjì mọ ohun tó wà lẹ́yìn aṣọ. Kí pùròjẹ́kítọ̀ tó pọ̀ bẹ́ẹ̀ tó lè rìn pọ̀, iṣẹ́ àṣelàágùn ni. Bí ọ̀kan bá fi ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ rìn lẹ́yìn, gbogbo àwòrán ti dàrú. Ibi tí ojú sinimá kan ti parí tí èkejì ti bẹ̀rẹ̀ kì í pa mọ́ lójú ẹni. Èyí tó wá burú jù ni pé ilé tí wọ́n kọ́ fún fíìmù kan ṣoṣo ni. Ìpàtẹ parí, wọ́n kó ẹ̀rọ, iṣẹ́ tí ó fi ẹsẹ̀ rẹ̀ rìn dé ẹ̀bá orí ilẹ̀ ayé kò sì níbi tí wọ́n ti lè rí i wò mọ́.

Mo ka èyí sí oríta àkọ́kọ́. Ohun tí wọ́n bi ara wọn ni pé: bí ó bá jẹ́ àwòrán ńlá làwọn èèyàn ń fẹ́, ṣé a kò lè fi fíìmù ńlá kan, nínú pùròjẹ́kítọ̀ alágbára kan, tan án sórí ojú sinimá kan ṣoṣo? Ìbéèrè náà rọrùn láti bi, ṣùgbọ́n kò sí irú fíìmù bẹ́ẹ̀. Kò sí kámẹ́rà rẹ̀, kò sí pùròjẹ́kítọ̀ rẹ̀. Kámẹ́rámáànù tó bá dé irú ibi yìí, ohun tó máa ń ṣe ni kó padà sí irinṣẹ́ tó wà nílẹ̀. Òun lọ wá ọ̀rẹ́ rẹ̀ láti ilé ìwé girama ní Galt, oníṣòwò kan tó ní ilé ìtẹ̀wé, tó sì ti ṣe olórí ìlú náà rí. Òun, àna rẹ̀ àti ọ̀rẹ́ yìí dá ilé iṣẹ́ kan sílẹ̀ ní 1967, èyí tó wá di ilé iṣẹ́ IMAX. Ẹnì kẹrin tó dara pọ̀ mọ́ wọn náà, ọmọ ilé ìwé girama kan náà ni, ẹnjiníà tó ti ṣiṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ tó ń ṣe kẹ̀kẹ́. Mo fẹ́ kí a kíyè sí àwọn tó lọ bá. Kò lọ wá kámẹ́rámáànù mìíràn. Ó ti ní ẹni tó mọ àwòrán. Ẹni tó mọ owó àti ẹni tó mọ irin ló kù.

Àwọn ilé iṣẹ́ kan ní Jàpáànù tó so mọ́ báńkì Fuji ló kọ́kọ́ gbé iṣẹ́ fún wọn, fún ìpàtẹ tí wọ́n fẹ́ ṣe ní Osaka ní oṣù kẹta 1970. Wọ́n gba iṣẹ́ náà nígbà tí ẹ̀rọ tí wọ́n fẹ́ fi ṣe é kò tíì sí láyé. Mi ò ní pa á lẹ́nu mọ́ pé ìpayà ń bẹ nínú irú ìlérí bẹ́ẹ̀, mi ò sì ní gba ẹnikẹ́ni nímọ̀ràn pé kó máa ṣe é lójoojúmọ́. Ṣùgbọ́n àyẹ̀wò fi hàn pé wọn kò fi ojú lásán gbà á. Ọ̀gbẹ́ni kan ní Copenhagen, ọmọ Norway, ló bá wọn ṣe kámẹ́rà. Pùròjẹ́kítọ̀ ló fẹ́ dá wọn dúró.

Pùròjẹ́kítọ̀ àtijọ́ máa ń fi eyín irin fa fíìmù sísàlẹ̀, férémù kan lẹ́yìn òmíràn, lẹ́ẹ̀mẹrìnlélógún ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Férémù tí ihò ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kò ju mẹ́rin lọ lè fara da ìfàkúfà yẹn. Férémù tiwọn ní ihò mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, ó sì dùbúlẹ̀ lórí fíìmù tí fífẹ̀ rẹ̀ jẹ́ mìlímítà 70. Bí a bá fi eyín irin fà á, yíya ló máa ya. Ọ̀nà àbáyọ wá láti ibi tí ẹnikẹ́ni kò rò. Ọkùnrin kan ní Brisbane, ní Ọsirélíà, ti ronú ọ̀nà tí fíìmù lè gbà rìn láìjẹ́ pé a fà á: kí ó máa gbé ara rẹ̀ lọ ní ìdùbúlẹ̀ bí ìgbì omi, férémù kọ̀ọ̀kan á sọ̀ kalẹ̀ sórí píìnì tó mú un dúró, á kọjá, òmíràn á dé. Wọ́n ra ẹ̀tọ́ sí i lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹnjiníà wọn mú un, ó tún un ṣe, ó fi kún un pé kí afẹ́fẹ́ máa fa férémù mọ́ ẹ̀yìn lẹ́ǹsì kí ó lè tẹ́ pẹrẹsẹ. Ìdí nìyẹn tí àwòrán IMAX kì í fi í gbọ̀n lójú. Ẹ̀rọ náà dé Osaka, ó ṣiṣẹ́.

Lẹ́yìn Osaka, ìjọba Ontario ń kọ́ ibi ìgbafẹ́ kan sí etí adágún ní Toronto, pẹ̀lú ilé sinimá roboto kan tí wọ́n pè ní Cinesphere. Pùròjẹ́kítọ̀ tó ti ṣiṣẹ́ ní Osaka ni wọ́n gbé wá síbẹ̀. Ojú sinimá rẹ̀ fẹ̀ tó ẹsẹ̀ bàtà 80, ó ga tó 60. Ọdún 1971 ni wọ́n ṣí i, òun sì ni ilé IMAX àkọ́kọ́ tí wọ́n kọ́ láti wà títí. Wọ́n nílò fíìmù, ọkùnrin wa yìí ló darí rẹ̀, ló gbé kámẹ́rà rẹ̀, ló sì tún gbé e jáde. Ó yan ìhà àríwá Ontario: adágún ńlá, igbó, yìnyín, iná tó ń jó igbó.

Ibí yìí ni mo fẹ́ kí kámẹ́rámáànù dúró sí, torí pé gbogbo ohun tó ṣe lẹ́yìn náà ní sánmà, ibí ló ti kọ́ ọ. Ojú sinimá tó ga bí ilé alájà mẹ́fà kì í gba gbogbo àṣà wa. Bí o bá gbé ojú èèyàn sún mọ́ ọn gẹ́gẹ́ bí a ti ń ṣe fún tẹlifíṣọ̀n, imú rẹ̀ nìkan á tó ilé. Bí o bá yí kámẹ́rà kíá láti ọ̀tún sí òsì, ohun gbogbo á máa fò lójú òǹwòran, orí á sì máa fọ́ ọ. Bí o bá ń gé ṣọ́ọ̀tì lé ara wọn kíákíá, ojú kò tíì rí ibi tí yóò wò kí o tó gbà á kúrò. Ibi tí ojú ń sinmi sí ní irú ilé bẹ́ẹ̀ wà ní ìsàlẹ̀ férémù, kì í ṣe àárín, torí náà orí ẹni tó o ń yà gbọ́dọ̀ lọ sílẹ̀ ju bí ó ti mọ́ ọ lára. Gbogbo èyí ń béèrè sùúrù lọ́wọ́ ẹni tó ń yà á, kámẹ́rà ọ̀hún kò sì ní sùúrù: máàgasíìnì tí ó ní 1,000 ẹsẹ̀ bàtà fíìmù nínú ń tán láàárín bí ìṣẹ́jú mẹ́ta. Ó wúwo, ariwo rẹ̀ kò jẹ́ kí a gbọ́ ohùn ẹni tó ń sọ̀rọ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Ẹ wo ohun tí èyí ṣe sí ọ̀nà iṣẹ́. Ẹni tí fíìmù rẹ̀ ń tán ní ìṣẹ́jú mẹ́ta, tí kò sì lè yà ju ohun tí àpò rẹ̀ ká lọ, gbọ́dọ̀ ti mọ ìdí ṣọ́ọ̀tì kí ó tó tẹ bọ́tìnì. Nínú fíìmù àríwá Ontario yẹn, ṣọ́ọ̀tì tí wọ́n yà láti inú ọkọ̀ òfurufú lórí adágún kò ju ohun kan lọ tó fẹ́ ṣe: kí òǹwòran rò pé òun gan-an ló ń fò. Ó jẹ́ kó pẹ́. Kò gé e.

Ìṣòro tó tẹ̀lé e, ti ọjà ni. Kò sí ẹni tó fẹ́ kọ́ ilé IMAX nígbà tí fíìmù tó lè fi hàn níbẹ̀ kò tíì ju ẹyọ kan méjì lọ, kò sì sí ẹni tó fẹ́ fowó sí fíìmù nígbà tí ilé tó lè fi í hàn kò pọ̀. Ọ̀pọ̀ àrà tuntun ló kú sí ibí yìí. Wọn ò gba ọ̀dọ̀ àwọn ilé sinimá ìgboro lọ. Àwọn ilé ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé àti ilé ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì ni wọ́n lọ bá, àwọn tí kì í pààrọ̀ fíìmù ní ọ̀sẹ̀ méjì méjì, tí fíìmù kan lè wà lọ́dọ̀ wọn fún ọdún púpọ̀. Ní oṣù keje 1976, nígbà tí ilé ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé nípa òfurufú àti sánmà ti Smithsonian ṣí ní Washington, ilé IMAX wà nínú rẹ̀ láti ọjọ́ kìíní. Ọ̀gá àgbà ibẹ̀ nígbà náà ni Michael Collins, ọ̀kan nínú àwọn mẹ́ta tó lọ nínú Apollo 11, ìrìn àjò tó kọ́kọ́ gbé èèyàn dé orí òṣùpá.

Èmi gbà pé láti ibẹ̀ ni ìran sánmà ti di ohun tó ṣeé gbé lé orí tábìlì. Ilé yẹn ní ojú sinimá ńlá tó ń wá fíìmù. Àjọ NASA, tó ń rí sí ọ̀rọ̀ sánmà ní Amẹ́ríkà, ń kọ́ ọkọ̀ sánmà tuntun, ó sì fẹ́ kí àwọn ará ìlú rí ohun tí owó wọn ń ṣe. Lockheed, tó wà nídìí iṣẹ́ òfurufú, ní owó. Ọkùnrin wa kò tọrọ owó fún fíìmù rẹ̀ lọ́wọ́ àwọn wọ̀nyí. Ó fi fíìmù náà sí àárín ohun tí mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti ń wá tẹ́lẹ̀. Fíìmù sánmà àkọ́kọ́, tó jáde ní 1982, dá lórí ìrìn àjò àkọ́kọ́ ọkọ̀ sánmà Columbia ní ọjọ́ 12 oṣù kẹrin 1981. Orí ilẹ̀ ni wọ́n ti ya ìyẹn. Ibi tí ọkọ̀ ti ń gbéra kì í gba èèyàn nítòsí. Èéfín àti iná ibẹ̀ á jó ẹni tó bá dúró síbẹ̀. Kámẹ́rà ni wọ́n ń gbé síbẹ̀ tí wọ́n á fi sílẹ̀ kó dá ṣe tirẹ̀. Ó ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ bí a ṣe ń ya ohun tí a kò sí nítòsí rẹ̀.

Oríta tó tóbi jù wá dé. Àwòrán tó fẹ́ gan-an wà lókè, kò sì sí àyè fún kámẹ́rámáànù nínú ọkọ̀ náà. Ẹni tó bá lọ gbọ́dọ̀ ní iṣẹ́ tí àjọ náà rán an. Ọ̀nà méjì ló wà níwájú rẹ̀: kí ó jókòó máa bẹ̀bẹ̀ títí wọn á fi gbà kó lọ, tàbí kí ó sọ àwọn tó ń lọ di kámẹ́rámáànù. Ó mú èkejì. Mo mọ̀ pé ọ̀pọ̀ wa kò ní mú un. Ẹni tó bá gbé kámẹ́rà fún ẹlòmíì, ó máa ń ṣe é bí ẹni tó gbé ojú ara rẹ̀ fún un.

Òun àti àwọn akẹ́gbẹ́ rẹ̀ jókòó ti àwọn arìnrìn-àjò sánmà náà, wọ́n kọ́ wọn níṣẹ́. Bí a ṣe ń ki fíìmù sínú máàgasíìnì, tí ọwọ́ á mọ̀ ọ́n débi pé ojú kò ní láti wò ó. Bí a ṣe ń díwọ̀n ìmọ́lẹ̀ nígbà tí inú yàrá ṣókùnkùn tí ayé tó ń kọjá lójú fèrèsé sì ń tàn bí iná. Ọkọ̀ náà ń yí ayé po ní bí ìṣẹ́jú 90, nítorí náà ilẹ̀ ń mọ́, ilẹ̀ ń ṣú, láàárín wákàtí kan àbọ̀. Ìmọ́lẹ̀ tí o fi ìṣẹ́jú mẹ́wàá múra fún lè ti lọ kí o tó ṣe tán. Wọ́n dánra wò nínú ọkọ̀ àwòkọ tó wà lórí ilẹ̀, kí wọ́n lè mọ fèrèsé tí wọ́n á dúró sí àti ibi tí ẹsẹ̀ á wà. Wọ́n kọ́ wọn ní àwọn òfin ojú sinimá ńlá tí mo sọ lókè: má yí i kíá, jẹ́ kó pẹ́, fi orí èèyàn sísàlẹ̀.

Apá kejì iṣẹ́ náà ni èmi kà sí ti olùgbéréjáde gan-an. Gbogbo ìṣẹ́jú ọjọ́ àwọn arìnrìn-àjò yẹn ló ní iṣẹ́ tirẹ̀ nínú ìwé ètò. Ṣọ́ọ̀tì tí kò bá sí nínú ìwé yẹn kò lè wáyé. Torí náà, kí ọkọ̀ tó gbéra, àwọn tó ń ṣe fíìmù ti gbọ́dọ̀ dúnàádúrà fún ṣọ́ọ̀tì kọ̀ọ̀kan: èyí tó ṣe pàtàkì, èyí tí a lè fi sílẹ̀, èyí tí a ó yà bí àyè bá yọ. Àkójọ ṣọ́ọ̀tì di ìwé àdéhùn. Nínú iṣẹ́ tiwa, iye ìgbà tí mo ti rí i tí wọ́n kọ ọ́ sẹ́yìn páálí oúnjẹ ní òwúrọ̀ ọjọ́ iṣẹ́ kò ṣeé kà.

Ìrìn àjò mẹ́ta ní 1984 ni wọ́n fi ya fíìmù náà, The Dream Is Alive. Nínú ti oṣù kẹrin, àwọn arìnrìn-àjò mú sátẹ́láìtì kan tó ti bàjẹ́, Solar Max, wọ́n tún un ṣe lójú sánmà, wọ́n sì dá a padà sẹ́nu iṣẹ́. Nínú ti oṣù kẹwàá, Kathryn Sullivan di obìnrin Amẹ́ríkà àkọ́kọ́ tó jáde kúrò nínú ọkọ̀ sí gbalasa òfurufú. Ọmọ Kánádà àkọ́kọ́ tó dé sánmà, Marc Garneau, wà nínú ọkọ̀ kan náà.

Èyí tó wà láàárín wọn, ti ìparí oṣù kẹjọ, ni mo máa ń sọ fún àwọn tó ń kọ́ṣẹ́. Ìrìn àjò àkọ́kọ́ Discovery ni. Judith Resnik ní irun tó pọ̀, ní ibi tí ohunkóhun kò sì ní ìwúwo, irun a máa tú ká yí orí po. Ó sún mọ́ kámẹ́rà nígbà tó ń ṣiṣẹ́, bẹ́líìtì tó ń yí máàgasíìnì fa irun náà wọlé. Wọ́n fi sísọ́ọ̀sì gé e sílẹ̀. Kámẹ́rà há, iná rẹ̀ já. Kò sí ilé ìtajà níbẹ̀, kò sí kámẹ́rà kejì nínú àpótí, ẹni tó ni ín wà lórí ilẹ̀. Àwọn tó wà nínú ọkọ̀ ló tú u, wọ́n ṣa irun jáde lára bẹ́líìtì àti ẹ̀yà rẹ̀ ní ẹyọ ẹyọ, wọ́n sì ń bá iṣẹ́ lọ. Bó bá jẹ́ pé bọ́tìnì nìkan ni wọ́n kọ́ wọn láti tẹ̀, ibẹ̀ ni fíìmù ìrìn àjò yẹn ì bá parí sí.

Kò sí mónítọ̀ tó ń fi àwòrán ránṣẹ́ sílẹ̀. Ohun tí wọ́n yà, inú agolo ló wà títí ọkọ̀ fi balẹ̀, títí wọ́n fi fọ fíìmù náà. Ìgbà yẹn ni ẹni tó darí rẹ̀ tó rí i. Mo máa ń ronú nípa irú sùúrù bẹ́ẹ̀.

Fíìmù náà jáde ní 1985. Ní ọjọ́ 28 oṣù kìíní 1986, Challenger fọ́ yángá ní ojú sánmà, ìṣẹ́jú kan àti díẹ̀ lẹ́yìn tó gbéra. Àwọn méje tó wà nínú rẹ̀ kú. Judith Resnik wà lára wọn. Dick Scobee náà, tó ti wà nínú ìrìn àjò oṣù kẹrin 1984, òun ni ọ̀gá ọkọ̀ lọ́jọ́ náà. Fún èyí tó lé ní ọdún méjì, títí di oṣù kẹsàn-án 1988, ọkọ̀ sánmà Amẹ́ríkà kankan kò gbéra. Fún àwọn tó ṣe fíìmù náà, àwọn ọmọ iṣẹ́ wọn, àwọn tí wọ́n jókòó tì, ló lọ. Nígbà tí ìrìn àjò tún bẹ̀rẹ̀, kámẹ́rà wọn tún gòkè. Lọ́tẹ̀ yìí, ayé fúnra rẹ̀ ni wọ́n kọjú sí: igbó tó ń jó, odò, ìjì, ohun tí ọwọ́ èèyàn ti ṣe sí ilẹ̀. Fíìmù yẹn jáde ní 1990, ẹlòmíì ló darí rẹ̀, ọkùnrin wa ló gbé e jáde. Ní 1994 wọ́n ta ilé iṣẹ́ IMAX. Ó kú ní 2021, ẹni ọdún 91.

Kí ni iṣẹ́ ọkùnrin yìí ń sọ fún ẹni tó ń gbé kámẹ́rà lónìí? Èkíní, èyí tí mo kà sí pàtàkì jù: kọ àwọn ìpinnu tó jẹ́ tìrẹ nìkan sílẹ̀, kí o sì ṣe wọ́n kí ọjọ́ iṣẹ́ tó pé. Ibi tí ojú òǹwòran á sinmi sí, bí ṣọ́ọ̀tì á ṣe pẹ́ tó, ìdí tí ṣọ́ọ̀tì fi wà. Bí àwọn wọ̀nyí bá ti dájú, ọwọ́ ẹlòmíì lè di kámẹ́rà mú, iṣẹ́ náà á ṣì jẹ́ tìrẹ. Bí wọn kò bá dájú, bí ìwọ fúnra rẹ tilẹ̀ di kámẹ́rà mú láti àárọ̀ di alẹ́, o kàn ń kó àwòrán jọ ni.

Ẹ̀ẹ̀kejì, kọ́ igbákejì rẹ ní bí a ṣe ń tú ẹ̀rọ. Ọ̀pọ̀ ọ̀gá ló ń fi ìyẹn pamọ́ kí wọ́n má bàa gba iṣẹ́ mọ́ wọn lọ́wọ́. Ọjọ́ tí dúróònù bá já bọ́ sígbó tí o kò sí níbẹ̀, tàbí tí kámẹ́rà bá kọ̀ nínú ọkọ̀ ojú omi ní àárín odò, ohun tí o fi pamọ́ yẹn ni yóò dá iṣẹ́ rẹ dúró.

Ti owó ńkọ́? Má lọ sọ fún olówó pé o fẹ́ ṣe fíìmù. Kọ́kọ́ wádìí ohun tó ti ń wá kí o tó débẹ̀, kí o sì bi ara rẹ ní òtítọ́ bóyá fíìmù rẹ lè wà ní àárín rẹ̀ láìbàjẹ́. Bí kò bá lè wà níbẹ̀, lọ sọ́dọ̀ ẹlòmíì. Ọkùnrin yìí kò tẹ àwòrán rẹ̀ ba nítorí Lockheed. Kò ní láti ṣe bẹ́ẹ̀, torí pé ibi tó tọ́ ló lọ.

Ilé IMAX ti wà ní Lẹ́kí, ní Èkó, àwọn fíìmù tí ilé ńlá ń ṣe ní Amẹ́ríkà ló sì ń kún ibẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ mọ ohun tí mo ń sọ nípa ibi tí ojú ń sinmi sí, kí ó lọ jókòó sí àárín, kí ó sì fi fíìmù sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú díẹ̀, kí ó máa wo ojú ara rẹ̀: ibo ló ń lọ, ìgbà wo ló ń rẹ̀ ẹ́? Ẹ̀kọ́ yẹn kò ju owó tíkẹ́ẹ̀tì lọ.

Ní oṣù karùn-ún 2009, nígbà tí àwọn arìnrìn-àjò lọ tún awò sánmà Hubble ṣe fún ìgbà ìkẹyìn, kámẹ́rà IMAX tún wà níbẹ̀, ní ìta ọkọ̀, ọkùnrin wa sì wà lára àwọn tó gbé fíìmù náà jáde, ó ti sún mọ́ ẹni ọgọ́rin ọdún. Fíìmù tí wọ́n kì sínú kámẹ́rà yẹn gùn tó máìlì kan. Nítorí pé ó ń ya àwòrán fún ojú méjèèjì (ìyẹn 3D), kò lè kọjá nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́jọ, kò sì sí ọ̀nà láti ki òmíràn sínú rẹ̀. Iṣẹ́ ìta náà gba ọjọ́ márùn-ún, wákàtí mẹ́fà sí mẹ́jọ lójúmọ́. Igbákejì awakọ̀ ọkọ̀ náà, tó jókòó sínú, ni wọ́n fún ní bọ́tìnì; orí ilẹ̀, ní ọ̀pọ̀ oṣù ṣáájú, ni wọ́n ti pinnu bí wọ́n ṣe máa pín ìṣẹ́jú mẹ́jọ yẹn.